Amúkùn-ún, Ẹrù Rẹ Wọ́: Ọ̀rọ̀ lórí Okun Inú

Ọ̀rọ̀ tí mo bá ẹgbẹ́ règbérègbé kan sọ ní Ìjẹ̀bú-Òde nìyí. Mo tún un kọ fún àwọn tí kò ráyè wá, mo sì fi díẹ̀ kún un níbi tí àkókò kò ti gbà mí láàyè lọ́jọ́ náà.

Ẹ̀yin bàbá wa, ẹ̀yin ìyá wa, ẹ̀yin Ọ̀túnba àti ẹ̀yin Yèyé, ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ dúró lẹ́nu ọ̀nà nítorí pé àga kò tó, mo kí gbogbo yín. Ṣàgámù ni mo ti wá. Alága ní kí n wá sọ̀rọ̀ lórí bí ènìyàn ṣe lè mú ọkàn rẹ̀ dúró nígbà tí ayé bá le. Ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ láti ibi tí ọkàn tèmi kò ti dúró.

Ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n ni mo fi ṣe iṣẹ́ olùkọ́. Nígbà tí mo fẹ̀yìn tì, wọ́n ní kí n máa retí owó ìfẹ̀yìntì mi. Mo retí títí. Oṣù di ọdún, ọdún di mẹ́rin. Oṣooṣù ni mo ń wọ ọkọ̀ lọ sí ọ́fíìsì tí fáìlì mi wà. Bí mo bá débẹ̀, akọ̀wé tó wà níbẹ̀ á wò mí lókè, á wò mí nílẹ̀, á ní, "Màmá, ẹ padà wá." Inú á ti máa bí mi kí n tó jáde nílé. Á máa bí mi nínú ọkọ̀. Lóru, lórí ibùsùn mi, èmi nìkan ni mò ń bá akọ̀wé tó ti sùn nílé tirẹ̀ jà. Nígbà tó yá, ẹ̀jẹ̀ ríru wọlé. Nọ́ọ̀sì wọn ẹ̀jẹ̀ mi, ó wo ẹ̀rọ, ó tún un wọ̀n, ó wá bi mí pé, "Màmá, kí lẹ gbé sọ́kàn?" Mo ní owó mi ni. Mo gbà tọkàntọkàn lọ́jọ́ náà pé òótọ́ ni mo sọ.

Ẹ mọ òwe amúkùn-ún. Wọ́n ní, "Amúkùn-ún, ẹrù rẹ wọ́." Ó ní òkè lẹ̀ ń wò, ẹ ò wo ìsàlẹ̀. Owó tí wọn kò san ni ẹrù tó wà lórí mi, ó sì wọ́ lóòótọ́, ẹ̀tọ́ mi ni wọ́n fi du mí. Ṣùgbọ́n ohun tó wà nísàlẹ̀ ni èrò méjì kan tí mi ò yẹ̀ wò rí: pé ayé mi kò lè tẹ̀síwájú títí wọn yóò fi sanwó, àti pé bí akọ̀wé yẹn ṣe wò mí ni mo ṣe tó. Orí èrò méjì yìí ni mo gbé gbogbo ẹrù náà lé. Bí ẹsẹ̀ kan bá kúrú, kò sí bí ẹrù kò ṣe ní wọ́.

Ẹni tó kọ́ mi láti wo ìsàlẹ̀, amúkùn-ún gan-an ni òun náà. Epictetus ni orúkọ rẹ̀, ọ̀kan nínú àwọn Sítóíkì, ìyẹn àwọn onímọ̀ ọgbọ́n orí ìgbàanì ní Gíríìsì àti Róòmù tó ń kọ́ni bí ọkàn ṣe lè dúró. Ní nǹkan bí ọdún 50 lẹ́yìn ìbí Jésù ni wọ́n bí i ní Hierapolis, ní ilẹ̀ tí a ń pè ní Tọ́kì lónìí. Ẹrú ni. Àwa Yorùbá a máa wo ilé kí a tó sọmọ lórúkọ. Ní tirẹ̀, ohun tí orúkọ rẹ̀ túmọ̀ sí ni "èyí tí a rà kún un", bí ìgbà tí ènìyàn bá ra ewúrẹ́ kún agbo. Ọ̀gá rẹ̀, Epaphroditus, jẹ́ akọ̀wé fún Nero, ọba Róòmù. Ẹsẹ̀ kan Epictetus kò dá, fúnra rẹ̀ ló sì máa ń pe ara rẹ̀ ní arúgbó tó ń tiro. Inú oko ẹrú yẹn ló ti lọ jókòó sẹ́sẹ̀ olùkọ́ kan tó ń jẹ́ Musonius Rufus. Wọ́n dá a sílẹ̀ nígbà tó yá, ó di olùkọ́. Ọba mìíràn, Domitian, tún lé àwọn onímọ̀ ọgbọ́n orí kúrò ní Róòmù. Epictetus gba Nicopolis lọ ní ilẹ̀ Gíríìsì, ó ṣí ilé ẹ̀kọ́ síbẹ̀. Kò kọ ìwé kankan. Akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ kan, Arrian, ló ń kọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ sílẹ̀, èyí la rí kà títí dòní.

Ẹ̀yin tí ẹ ń ka Bíbélì, ẹ ti pàdé àwọn ẹlẹ́gbẹ́ rẹ̀ tẹ́lẹ̀. Nínú Ìṣe àwọn Àpọ́sítélì, orí 17, ẹsẹ 18, nígbà tí Pọ́ọ̀lù dé Áténì, àwọn Sítóíkì wà lára àwọn tó bá a jiyàn. Ní orí tó tẹ̀ lé e, Gallio, gómìnà tí wọ́n fa Pọ́ọ̀lù dé iwájú rẹ̀, ẹ̀gbọ́n Seneca ni, Seneca sì jẹ́ ọ̀kan pàtàkì nínú àwọn Sítóíkì wọ̀nyí. Mo kọ́ àwọn ọmọ ní ẹ̀kọ́ Bíbélì fún ọ̀pọ̀ ọdún láìmọ̀ pé ìdílé kan náà ni.

Oníṣòwò ló dá ẹ̀kọ́ náà sílẹ̀, nítorí náà ara Ìjẹ̀bú kò ní ṣe àjèjì sí i. Zeno lorúkọ rẹ̀, ará erékùṣù Kípírù. Ìtàn tí wọ́n ń sọ nípa rẹ̀ ni pé ó kó aró elése àlùkò, ọjà olówó iyebíye, sínú ọkọ̀ ojú omi. Ọkọ̀ rì, ọjà bá omi lọ. Ó rìn dé Áténì lọ́wọ́ òfo, ó jókòó sí ṣọ́ọ̀bù ẹni tó ń ta ìwé, ó gbọ́ tí wọ́n ń ka ìtàn Socrates, ọlọ́gbọ́n ará Áténì kan tó ti kú. Ó ní níbo ni òun ti lè rí irú ènìyàn báyìí? Olùtàwé nàka sí onímọ̀ kan tó ń kọjá lọ, ó ní, "Tẹ̀ lé ọ̀gbẹ́ni yẹn." Ní nǹkan bí ọdún 300 ṣáájú ìbí Jésù, Zeno náà bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ni nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀ ńlá kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọjà, èyí tí wọ́n ya àwòrán sí lára ògiri. Stoa ni wọ́n ń pe ọ̀dẹ̀dẹ̀ lédè wọn, ibẹ̀ ni orúkọ Sítóíkì ti wá. Ọ̀dẹ̀dẹ̀ la ti ń parí ìjà nílé baba mi náà, ìdí nìyẹn tí ọ̀rọ̀ wọn fi tètè wọ̀ mí lára. Cleanthes, tó rọ́pò Zeno, a máa fa omi sí ọgbà olóko lóru kó lè rí owó jẹun, kó lè kàwé lọ́sàn-án. Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ tí ẹ ń ṣe léburà, ẹ kò dá wà.

Kí ni wọ́n wá ń kọ́ni?

Gàrí ni ìyá mi ń yan. Bí wọ́n bá bó ẹ̀gẹ́ tán, tí wọ́n rin ín, tí wọ́n kó o sínú àpò, tí wọ́n gbé òkúta lé e, wọn kò ní kánjú ní tiwa níbí, nítorí gàrí Ìjẹ̀bú gbọ́dọ̀ kan. Lẹ́yìn ọjọ́ mélòó kan ni wọ́n á tó gbé e wá sórí asẹ́. Èmi ni mo máa ń sẹ́ ẹ. Èyí tó kúná á bọ́ sísàlẹ̀, èyí tó jẹ́ okùn ẹ̀gẹ́ àti kókó á kù sórí asẹ́. Màmá kì í bá ohun tó kù sórí asẹ́ jà. Kì í bínú sí i, kì í sì í gbé e lé iná. Ohun tó bọ́ sísàlẹ̀ ló máa ń gbé lọ sínú agbada, ojú rẹ̀ kì í kúrò lára rẹ̀ títí gàrí á fi yan.

Asẹ́ yìí ni Epictetus kọ́kọ́ máa ń fi lé akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ lọ́wọ́. Ó ní àwọn nǹkan kan wà ní ìkáwọ́ wa, àwọn mìíràn kò sí. Èrò wa, ohun tí a bá yàn láti ṣe, ohun tí a bá fẹ́ àti ohun tí a bá kọ̀, ìwọ̀nyí wà ní ìkáwọ́ wa. Ara wa, dúkìá wa, orúkọ tí ayé ń pè wá, ipò tí wọ́n fi wá sí, ìwọ̀nyí kò sí ní ìkáwọ́ wa, bí a tilẹ̀ lè sapá lórí wọn. Ẹni tó bá gbé èyí tí kì í ṣe tirẹ̀ sórí iná, tó ń retí kó di gàrí, omijé ni yóò jẹ.

Ní ọjọ́ 29 oṣù Karùn-ún ọdún 2023, ìjọba kéde pé owó ìrànwọ́ orí epo bẹntiróòlù ti dópin. Láàárín ọjọ́ díẹ̀, lítà kan tó wà nísàlẹ̀ igba náírà ti fẹ́rẹ̀ẹ́ di ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta. Mo mọ ìyá aláṣọ kan tó ti ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ méjì lẹ́yìn èyí. Kò ṣàìsàn. Ó kàn jókòó sílé, ó ń gbọ́ rédíò láàárọ̀, ó ń gbọ́ ọ lálẹ́, bí ẹni pé bí òun bá gbọ́ ọ tó, owó epo á wálẹ̀. Nígbà tó padà wá, ohun tó ṣe ni pé ó mú ìwé, ó fa ìlà sí i láàárín. Sí apá kan ló kọ owó dọ́là sí, owó ọkọ̀, ọ̀rọ̀ ìjọba. Sí apá kejì ló kọ iye ìgbà tí òun ń lọ sí Èkó lóṣù, àwọn tí òun lè bá pawọ́ pọ̀ gbé ẹrù, àwọn tó jẹ òun lówó tí òun kò tíì béèrè lọ́wọ́ wọn, àti ohùn tí òun fi ń dá oníbàárà lóhùn. Kò mọ Epictetus. Ó kàn mú asẹ́ ni.

Ẹ má sì rò pé ohun tí wọ́n ń wí ni pé kí a má du nǹkan kan. Àpẹẹrẹ tí àwọn Sítóíkì ń lò ni tafàtafà. Kó yan ọfà tó tọ́, kó fa okùn dáadáa, kó fojú sun ibi tó ń ta sí, gbogbo èyí ni iṣẹ́ rẹ̀. Bí ọfà bá ti kúrò lórí okùn, atẹ́gùn lè fẹ́, ẹran lè sá. Bó bá ti ta á bó ṣe yẹ, ó ti ṣe ti ọdẹ.

Mo fẹ́ dúró díẹ̀ síbi ọ̀rọ̀ ìmọ̀lára, nítorí ibẹ̀ ni wọ́n ti máa ń ṣi àwọn Sítóíkì gbọ́ jù. Wọ́n rò pé ẹni tí ojú rẹ̀ gbẹ, tí kì í sunkún, tí kì í rẹ́rìn-ín, òun ni Sítóíkì. Rárá o. Òǹkọ̀wé ará Róòmù kan, Aulus Gellius, sọ pé òun wọ ọkọ̀ ojú omi láti Gíríìsì lọ sí Ítálì, ìjì sì dé. Olùkọ́ Sítóíkì kan wà nínú ọkọ̀ náà. Nígbà tí ìgbì ń gbé wọn sókè sódò, Gellius wo ojú rẹ̀: ó ti funfun bíi ti gbogbo èrò yòókù, àmọ́ kò pariwo. Nígbà tí omi parọ́rọ́, ó bi í léèrè ohun tó fà á. Olùkọ́ náà fa ìwé Epictetus kan yọ nínú àpò rẹ̀, ó fi hàn án pé àyà jíjá kò sí lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Bí àrá bá sán, ara ọlọ́gbọ́n á gbọ̀n. Ohun tó kù lẹ́yìn ìyẹn ni bóyá ọkàn yóò fọwọ́ sí i.

Fọwọ́ sí i. Èmi tí fáìlì mi dúró fún ọdún gbọọrọ nítorí pé ẹnì kan kò fọwọ́ sí i, ọ̀rọ̀ yìí wọ̀ mí lákínyẹmí ara. Bí ẹnì kan bá sọ ọ̀rọ̀ sí ọ lórí WhatsApp ẹbí, ooru á kọ́kọ́ gun àyà rẹ. Ìyẹn kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀, ẹ̀jẹ̀ lásán ni. Lẹ́yìn náà ni ìwé á dé iwájú rẹ: "Ó tàbùkù mi, mo gbọ́dọ̀ fi hàn án." Ìwé yẹn kò lè di iṣẹ́ láìjẹ́ pé o fọwọ́ sí i. Àwọn àgbà wa tí wọ́n ní kí a ka oókan títí dé ẹẹ́wàá kí a tó dáhùn, wọ́n ń fún wa láyè láti ka ìwé náà kí a tó fọwọ́ sí i ni.

Nígbà tí àwọn olùtọ́jú àìsàn ọpọlọ ní Amẹ́ríkà, Albert Ellis àti Aaron Beck, gbé ọ̀nà ìtọ́jú tiwọn kalẹ̀ láàárín ọdún 1955 sí 1970, tí wọ́n ń kọ́ aláìsàn láti yẹ èrò rẹ̀ wò kó tó gbà á gbọ́, àwọn méjèèjì sọ ọ́ gbangba pé ọ̀dọ̀ àwọn Sítóíkì ni gbòǹgbò rẹ̀ ti wá. Awakọ̀ òfuurufú kan nínú ẹgbẹ́ ọmọ ogun ojú omi Amẹ́ríkà tún wà, James Stockdale, tí wọ́n já ọkọ̀ òfuurufú rẹ̀ lulẹ̀ ní Vietnam lọ́dún 1965. Ó lé lọ́dún méje nínú àhámọ́, wọ́n sì fìyà jẹ ẹ́ gidigidi. Ó ti ka Epictetus tẹ́lẹ̀, ó ní ohun tó gbé òun ró nìyẹn. Ẹsẹ̀ rẹ̀ náà ṣẹ́, ó ń tiro títí ó fi kú.

Ó wá ku ọ̀rọ̀ kan tí mo mọ̀ pé yóò há yín lọ́fun. Àwọn Sítóíkì ní kí a máa ro ibi tó lè ṣẹlẹ̀ kó tó ṣẹlẹ̀. Mo ti ń gbọ́ "Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́" láti ẹ̀yìn yẹn! Àwa kì í fi ẹnu wa pe aburú. Ẹ̀rù ń bà wá pé bí a bá dárúkọ rẹ̀, a ti ké sí i wá nìyẹn. Mo jẹ́ ọmọ Yorùbá, ẹ̀rù yẹn ń bà mí náà, mi ò ní fi yín ṣe ẹlẹ́yà lórí rẹ̀.

Síbẹ̀, àwọn baba ńlá wa kan náà ló ní ogun àgbọ́tẹ́lẹ̀ kì í pa arọ tó bá gbọ́n. Arọ kò lè sáré, ṣùgbọ́n bó bá ti gbọ́ ṣáájú, yóò ti kúrò lójú ọ̀nà kí ogun tó dé. Ẹni tó ń dá èsúsú ti gbà nínú ọkàn rẹ̀ pé ọjọ́ kan lè burú, kò sì sẹ́ni tó bínú sí i pé ó ń pe aburú. Ohun tí mo rí ni pé àníyàn yàtọ̀ sí ìgbaradì. Àníyàn a máa yí nǹkan kan ṣoṣo po lóru láìlópin. Ìgbaradì a máa béèrè pé bó bá dé, kí ni mo máa kọ́kọ́ ṣe? Bó bá ti rí ìdáhùn, á pa ìwé dé, á sùn. Seneca kọ̀wé sí ọ̀rẹ́ rẹ̀ Lucilius pé ohun tó ń dẹ́rù bà wá pọ̀ ju ohun tó ń pa wá lára lọ, èrò inú wa ló sì ń fìyà jẹ wá jù.

Mi ò fi gbogbo ẹnu yin Seneca o. Ó lówó rẹpẹtẹ, Nero sì ni ó kọ́ nígbà tí ọba náà wà lọ́mọdé. Ó wà nítòsí nígbà tí ìwà Nero ń bàjẹ́, ó dákẹ́ síbi tí ò yẹ kó dákẹ́ sí. Ṣùgbọ́n ó mọ ìyà náà: wọ́n lé e lọ sí erékùṣù Corsica lọ́dún 41, ó lo ọdún mẹ́jọ níbẹ̀, Nero kan náà ló sì pàṣẹ pé kó pa ara rẹ̀ lọ́dún 65. Ó gba ọ̀rẹ́ rẹ̀ nímọ̀ràn pé kó máa yan ọjọ́ mélòó kan tí yóò jẹ oúnjẹ tálákà, tí yóò wọ aṣọ tó le, kó wá bi ara rẹ̀ pé, "Ṣé èyí ni mò ń bẹ̀rù?" Èmi náà ń ṣe é. Ọjọ́ kan lóṣù, gàrí àti omi nìkan, kò sí ṣúgà, kò sí ẹ̀pà, kò sí ẹja. Ẹ̀yin Mùsùlùmí tí ẹ ń gba ààwẹ̀ Ramadan mọ̀ ju èmi lọ. Ó sì ń yà mí lẹ́nu pé ọmọ Ìkẹ́nnẹ́, ọmọ Rẹ́mọ tiwa, Táì Ṣólàrín, tó dá ilé ẹ̀kọ́ Mayflower sílẹ̀ lóṣù Kìn-ín-ní ọdún 1956, tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ibẹ̀ ń roko tí wọ́n ń ṣiṣẹ́ ọwọ́, ló fi ìwé ìròyìn kí àwọn ènìyàn kú ọdún tuntun 1964 pé kí ọ̀nà wọn rí gbágungbàgun. Etí Yorùbá á gbọ́ ọ bí èpè. Mo ti wá gbà pé ìfẹ́ ló fi sọ ọ́.

Bí mo ṣe ń ṣe é lójoojúmọ́ kò le. Láàárọ̀, kí n tó wọkọ̀, mo máa ń sọ fún ara mi pé èrò á pọ̀, dẹ́rẹ́bà á yọ ọwọ́ láìfi iná hàn, súnkẹrẹ-fàkẹrẹ á wà ní oríta Ṣàgámù, tírélà á dúró sójú ọ̀nà ní Ògèrè. Epictetus sọ irú rẹ̀ nípa ilé ìwẹ̀: bó o bá ń lọ wẹ̀, rántí pé wọ́n á ta omi sí ọ lára, wọ́n á tì ọ́, wọ́n á bú ọ, wọ́n lè jí aṣọ rẹ. Kó o wí fún ara rẹ pé, mo fẹ́ wẹ̀, mo sì fẹ́ kí ọkàn mi wà ní ipò rẹ̀. Marcus Aurelius, tó jọba Róòmù láti ọdún 161 sí 180, tí àjàkálẹ̀ àrùn àti ogun kò jẹ́ kó sinmi, tó sì sin púpọ̀ nínú àwọn ọmọ rẹ̀, máa ń rán ara rẹ̀ létí láàárọ̀ pé òun á pàdé aláìmoore àti onílara lónìí. Ó wá fi kún un pé ará òun ni wọ́n, a dá wa láti jọ ṣiṣẹ́ bí ọwọ́ méjì, bí ẹsẹ̀ méjì, bí eyín òkè àti ti ìsàlẹ̀. Apá kejì yìí ṣe pàtàkì. Ẹni tó bá mú apá kìíní nìkan, ó lè kórìíra gbogbo ayé.

Lálẹ́, ìṣirò ló kù. Seneca ní bí wọ́n bá ti gbé àtùpà kúrò, tí ìyàwó òun sì ti dákẹ́, òun a máa yẹ gbogbo ọjọ́ náà wò, òun kì í fi nǹkan kan pamọ́ fún ara òun. Ní tiwa, àwọn oníná ló ń bá wa gbé àtùpà kúrò. Mo ní ìwé kékeré kan. Ohun tí mo ṣe dáadáa, ibi tí mo ti fọwọ́ sí ohun tí kò yẹ, ohun tí n ó ṣe lọ́la. Ìlà mẹ́ta, mẹ́rin, ó tán. Ọwọ́ ara ẹni la fi ń tún ìwà ara ẹni ṣe.

Owó mi dé lẹ́yìn ọdún mẹ́fà, kò sì pé. Mo ṣì ń kọ lẹ́tà nípa èyí tó kù. Ẹ̀jẹ̀ mi ti wálẹ̀ kí owó tó dé, oògùn ni mo ń lò pẹ̀lú, mi ò fi òkùnkùn bò yín lójú. Bí oorun bá kọ̀ ọ́ fún ọ̀sẹ̀ púpọ̀, tí oúnjẹ kò wọlé, tí o bá ń gbọ́ nínú ara rẹ pé kí o kú, má jókòó ti ìwé Epictetus. Lọ rí dókítà. Ilé ìwòsàn ọpọlọ Àrò ní Abẹ́òkúta kò jìnnà, kì í sì í ṣe ibi ìtìjú. Ọdún 1954 ni Ọ̀jọ̀gbọ́n Thomas Adéoyè Lámbò bẹ̀rẹ̀ sí í tọ́jú àwọn aláìsàn níbẹ̀, àwọn mìíràn nínú wọn sì ń gbé inú abúlé pẹ̀lú ẹbí wọn nígbà náà.

Nígbà tí mo parí, ìbéèrè bẹ̀rẹ̀.

Ọ̀dọ́mọkùnrin kan dìde lẹ́nu ọ̀nà, ó ní, "Màmá, ọ̀gá mi kò san owó oṣù mẹ́ta fún mi. Ṣé kí n fi í sórí asẹ́, kí n máa rẹ́rìn-ín?" Mo ní rárá, ọmọ mi. Ìdájọ́ òdodo wà lára ìwà mẹ́rin tí àwọn Sítóíkì gbé ga jù, pẹ̀lú ọgbọ́n, ìgboyà àti ìwọ̀ntúnwọ̀nsì. Epictetus sọ ìtàn aṣòfin kan, Helvidius Priscus, tí ọba Vespasian ránṣẹ́ sí pé kó má wá sí ìgbìmọ̀. Ó ní ọba lè yọ òun kúrò nípò, ṣùgbọ́n níwọ̀n ìgbà tí òun bá ṣì jẹ́ aṣòfin, òun á wá, bí wọ́n bá sì bi òun léèrè ọ̀rọ̀, òun á sọ ohun tó tọ́. Ọba ní òun á pa á. Ó dáhùn pé òun kò sọ rí pé òun kò ní kú.

Mo tún rán an létí ọmọ Ìkẹ́nnẹ́ mìíràn. Nínú oṣù Keje ọdún 1963, nígbà tí ẹjọ́ ìdìtẹ̀ mọ́ ìjọba wà lọ́rùn Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀, ọkọ̀ pa Ṣẹ́gun, àkọ́bí rẹ̀ ọkùnrin. Nínú oṣù Kẹsàn-án, wọ́n rán bàbá náà lọ sẹ́wọ̀n ọdún mẹ́wàá. Ó ń kàwé, ó ń kọ̀wé nínú ẹ̀wọ̀n, títí wọ́n fi dá a sílẹ̀ lọ́dún 1966. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, ó ti di kọmíṣánnà ètò ìnáwó fún orílẹ̀-èdè. Mi ò sọ pé Sítóíkì ni. Mo sọ pé ó mọ ohun tí ọgbà ẹ̀wọ̀n lè tì mọ́lé àti ohun tí kò lè tì mọ́lé. Mo ní kí ọmọkùnrin náà kọ lẹ́tà sí ọ̀gá rẹ̀, kó lọ bá àwọn tó ń rí sí ọ̀rọ̀ òṣìṣẹ́, kó sì bẹ̀rẹ̀ sí í wá iṣẹ́ mìíràn lọ́sẹ̀ yìí. Ohun tí mo ní kó fi sílẹ̀ ni ìjà ọ̀gànjọ́ òru, nítorí ọ̀gá rẹ̀ kò gbọ́ ọ.

Alhaja kan béèrè bóyá èyí yàtọ̀ sí tàwàkálítù, ìgbẹ́kẹ̀lé Ọlọ́run tí àwọn Mùsùlùmí ń wí, pé bí Ọlọ́run bá ti kọ ọ́, ó ti kọ ọ́. Àwọn ará Gíríìsì bi Chrysippus, aṣáájú kẹta nínú àwọn Sítóíkì, ní irú rẹ̀: bí a bá ti kádàrá pé aláìsàn yóò sàn, kí ló tún ń pe dókítà fún? Ó ní bóyá wọ́n kádàrá ìwòsàn náà pọ̀ mọ́ pípe dókítà ni. Bí àwa náà ṣe ń sọ ọ́ nìyẹn, pé orí ló yan, ṣùgbọ́n ẹsẹ̀ ló ń gbéni débi tí orí yàn. Alhaja fúnra rẹ̀ ló rántí hádíìsì pé kí a so ràkúnmí mọ́lẹ̀ kí a tó gbẹ́kẹ̀ lé Ọlọ́run, gbogbo ilé sì pàtẹ́wọ́ fún un.

Ẹni tó béèrè kẹ́yìn kò dìde. Ìyá kan ni, lórí ìjókòó kẹta. Ó ní òun ti pàdánù ọmọ, kí ni amúkùn-ún yìí sọ fún irú òun?

Mo mọ ohun tó sọ, ó sì ṣòro fún mi láti gbé e lé e lọ́wọ́. Epictetus ní bí o bá ń fẹnu ko ọmọ rẹ lẹ́nu, rán ara rẹ létí pé ẹni tó lè kú ni. Mo ti bá gbólóhùn yìí jà fún ọ̀pọ̀ ọdún. Lójú mi, ó le jù fún ìyá. Ohun kan ṣoṣo tó mú mi sún mọ́ ọn ni orúkọ àwọn àbíkú wa: Málọmọ́, Dúrósinmi, Kòkúmọ́. Àwọn ìyá wa àtijọ́ kì í fi ikú pamọ́ fún ara wọn. Wọ́n ń pè é ní orúkọ ọmọ, láàárọ̀, lọ́sàn-án, bí wọ́n bá ní kó wá jẹun, bí wọ́n bá ní kó wá wẹ̀. Ìfẹ́ wọn kò sì dín kù nítorí ìyẹn. Mo rò pé ọwọ́ wọn ń le mọ́ ọmọ náà sí i ni, lójoojúmọ́ tó bá ṣì wà. Ohun tí mo sọ fún un níwájú èrò ni pé kò sí nǹkan kan nínú ẹ̀kọ́ yìí tó ní kó má sunkún, àti pé mi ò ní ọ̀rọ̀ mìíràn.

Nígbà tí ìpàdé tú, mo lọ jókòó tì í. Ó sọ orúkọ ọmọ náà fún mi. Mo bi í léèrè oúnjẹ tó fẹ́ràn. Ó ní ìkọ́kọrẹ́ ni, pé ó máa ń fi ìka há ìsàlẹ̀ ìkòkò nígbà tó bá rò pé kò sẹ́ni tó ń wo òun. Ó rẹ́rìn-ín, lẹ́yìn náà ó sunkún. A wà níbẹ̀ títí wọ́n fi kó gbogbo àga yòókù tán, tó ku méjì tí àwa jókòó lé.